Òjò Àtẹ̀jíṣẹ́ Lórí Fóònù: Ìbéèrè àti Ìdáhùn Nípa Ohun Tí Òfin Sọ àti Ọ̀nà Ààbò

Àwọn ìbéèrè tí ó wà nísàlẹ̀ yìí dá lórí ìwà tí àwọn ọ̀dọ́ ń pè ní SMS bombing, ìyẹn ni kí ènìyàn máa rọ̀jò àtẹ̀jíṣẹ́ lé ẹlòmíràn lórí títí fóònù onítọ̀hún kò fi ní wúlò fún un mọ́. Òfin Nàìjíríà ni a gbé ìdáhùn kà jù lọ, ṣùgbọ́n a mẹ́nu ba ti Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, Amẹ́ríkà àti Benin níbi tí ó yẹ. Àlàyé fún gbogbo ènìyàn ni èyí jẹ́. Ẹni tí ẹjọ́ bá ti wà lọ́rùn rẹ̀ ní láti lọ rí agbẹjọ́rò.

Kí ni rírọ̀jò àtẹ̀jíṣẹ́ gan-an, báwo ni ó sì ṣe yàtọ̀ sí ìpolówó tí a ń rí lójoojúmọ́?

Ẹni tí ó ń polówó ní ọjà láti tà: ó fẹ́ kí ẹ ka ohun tí ó kọ, kí ẹ sì rà á. Ẹni tí ó ń rọ̀jò àtẹ̀jíṣẹ́ kò bìkítà bóyá ẹ ka ọ̀kankan nínú wọn. Pípọ̀ wọn ni ohun ìjà rẹ̀. Ohun tí ó ń lé ni pé kí fóònù yín máa dún láìdákẹ́, kí bátìrì tán, kí àtẹ̀jíṣẹ́ gidi sọnù sáàárín èyí tí kò wúlò, tàbí kí ẹ̀rù bà yín débi tí ẹ ó fi ṣe ohun tí ó ń fẹ́.

Bí ó ṣe sábà máa ń rí nìyí. Fóònù dún, ẹ wò ó, ẹ rí i pé ilé-iṣẹ́ kan tí ń gbé oúnjẹ kiri ló fi kóòdù ìforúkọsílẹ̀ ránṣẹ́. Kí ẹ tó gbé fóònù sílẹ̀, òmíràn ti dé láti ọ̀dọ̀ ìkànnì tẹ́tẹ́, òmíràn láti ọ̀dọ̀ ilé ìtajà orí ayélujára kan ní Íńdíà, òmíràn láti ọ̀dọ̀ áàpù ìfowóránṣẹ́ tí ẹ kò gbọ́ orúkọ rẹ̀ rí. Àwọn ilé-iṣẹ́ wọ̀nyí kò bá yín jà. Ẹnìkan ni ó gbé nọ́ḿbà yín fún ètò kọ̀ǹpútà kan, tí ètò náà sì ń fi í sínú fọ́ọ̀mù ìforúkọsílẹ̀ ọgọ́rọ̀ọ̀rún ìkànnì lẹ́ẹ̀kan náà, tí fọ́ọ̀mù kọ̀ọ̀kan sì ń fi kóòdù tirẹ̀ ránṣẹ́ sí yín. Ìdí nìyí tí dídí nọ́ḿbà kan tàbí méjì kò fi ń ran ẹni tí ó kàn lọ́wọ́: ibi tí wọ́n ti ń wá kì í ṣe ibì kan ṣoṣo.

Àwọn kan máa ń lo ọ̀nà tí ó rọrùn ju èyí lọ. Wọ́n á ra àtẹ̀jíṣẹ́ olópò lọ́wọ́ àwọn tí ń tà á, wọ́n á sì darí gbogbo rẹ̀ sí nọ́ḿbà kan ṣoṣo dípò kí wọ́n pín in fún ọ̀pọ̀ ènìyàn.

Ṣé ó lè kọjá fóònù ẹnìkan, kí ó dí nẹ́tíwọ́ọ̀kì lọ́wọ́?

Ó ti hàn gbangba pé ó lè rí bẹ́ẹ̀. Ní ọdún 2005, àwọn onímọ̀ ní Pennsylvania State University ní Amẹ́ríkà ṣàlàyé pé ojú ọ̀nà kan náà tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì ìgbà náà fi ń so ìpè pọ̀ ni àtẹ̀jíṣẹ́ ń gbà kọjá. Bí àtẹ̀jíṣẹ́ bá kún ojú ọ̀nà náà, ìpè kò ní rí ibi gbà. Wọ́n ṣírò rẹ̀ pé ẹni tí ó ní íńtánẹ́ẹ̀tì inú ilé lásán lè fi òjò àtẹ̀jíṣẹ́ mú kí ìlú tí ó tó Washington tàbí Manhattan má lè pe ara wọn. Àwọn nẹ́tíwọ́ọ̀kì ti yí padà gan-an láti ìgbà náà, wọ́n sì ti fi asẹ́ sí ọ̀pọ̀ ẹnu ọ̀nà, ṣùgbọ́n irú ewu báyìí wà lára ohun tí kò jẹ́ kí òfin fi ọ̀rọ̀ náà ṣe ìjà ẹni méjì lásán.

Ṣé ẹ̀ṣẹ̀ ni lábẹ́ òfin Nàìjíríà?

Bẹ́ẹ̀ ni, bí ẹ kò tilẹ̀ ní rí orúkọ rẹ̀ nínú ìwé òfin. Òfin tí ó kàn án gbọ̀ngbọ̀n ni òfin tí ó de ìwà ọ̀daràn orí ayélujára, Cybercrimes Act, tí wọ́n fọwọ́ sí ní ọdún 2015 tí wọ́n sì tún ṣe ní 2024. Ìtumọ̀ tí òfin náà fún kọ̀ǹpútà kó fóònù alágbèéká mọ́ra, nítorí náà kò sí àyè fún ẹni tí ó bá fẹ́ jiyàn pé fóònù lásán ni òun dà láàmú, pé òun kò fọwọ́ kan kọ̀ǹpútà ẹnikẹ́ni.

Abala 8 sọ pé ẹnikẹ́ni tí kò ní àṣẹ, tí ó sì mọ̀ọ́mọ̀ fi ìsọfúnni ránṣẹ́ tàbí ṣe ohun mìíràn tí ó dí ẹ̀rọ lọ́wọ́ débi tí kò fi lè ṣe iṣẹ́ tí wọ́n ṣe é fún, lè fi ẹ̀wọ̀n tí kò ju ọdún 2 lọ jura, tàbí kí ó san owó ìtanràn tí kò ju ₦5,000,000 lọ, tàbí kí ó gba méjèèjì. Abala 32 tún ya ibì kan sọ́tọ̀ fún ẹni tí ó bá ń da ìsọfúnni àìnídìí kiri pẹ̀lú èrò láti ba iṣẹ́ kọ̀ǹpútà jẹ́, yálà ti ìjọba, ti aládàáni tàbí ti ilé ìfowópamọ́: ẹ̀wọ̀n ọdún 3, tàbí ₦1,000,000, tàbí méjèèjì. Ẹ kíyè sí i pé abala méjèèjì yìí kò béèrè ohun tí ó wà nínú àtẹ̀jíṣẹ́ náà. Ohun tí wọ́n ń béèrè ni èrò ọkàn ẹni tí ó fi í ránṣẹ́ àti ohun tí ó fà.

Ọ̀pọ̀ ènìyàn, títí kan àwọn ọlọ́pàá mìíràn, máa ń sáré lọ sí abala 24, èyí tí ó dá lórí fífi ẹ̀rọ lépa ènìyàn. Ní èrò tiwa, abala náà ni agbára rẹ̀ kéré jù fún ọ̀rọ̀ yìí báyìí. Tẹ́lẹ̀ rí, ó gbòòrò tó bẹ́ẹ̀ tí àtẹ̀jíṣẹ́ tí ó kàn bí ènìyàn nínú lè di ẹjọ́, ohun tí ó sì mú kí ilé ẹjọ́ ECOWAS sọ ní oṣù kẹta ọdún 2022 pé kò bá ẹ̀tọ́ láti sọ̀rọ̀ mu nìyí. Lẹ́yìn àtúnṣe ọdún 2024, ìlà àkọ́kọ́ abala náà kò mú ju àwòrán tàbí ọ̀rọ̀ ìhòòhò lọ, àti irọ́ tí ẹni tí ó pa á mọ̀ pé irọ́ ni, tí ó sì lè da ìlú rú tàbí fi ẹ̀mí wewu. Kóòdù ìforúkọsílẹ̀ kì í ṣe ìhòòhò, kì í sì í ṣe irọ́. Ṣùgbọ́n bí ìhàlẹ̀ bá wà nínú òjò àtẹ̀jíṣẹ́ náà, ọ̀rọ̀ yí padà: lábẹ́ ìlà kejì abala 24 kan náà, ẹni tí ó bá fi àtẹ̀jíṣẹ́ dẹ́rù ba ènìyàn débi tí onítọ̀hún fi ń bẹ̀rù ikú tàbí ìpalára lè gba ẹ̀wọ̀n ọdún 10, tàbí owó ìtanràn tí kò lè dín ní ₦25,000,000, tàbí méjèèjì.

Bí ó bá jẹ́ ọkọ, aya tàbí àfẹ́sọ́nà àtijọ́ ni ó ń ṣe é, ẹ rántí òfin VAPP ti 2015 tí ó de ìwà ipá sí ènìyàn. Abùjá ni ti ìjọba àpapọ̀ ti ń ṣiṣẹ́, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀ ti ṣe ẹ̀dà tiwọn, lílépa ènìyàn kiri sì jẹ́ ẹ̀ṣẹ̀ nínú rẹ̀.

Àwàdà ni mo fi ṣe. Àtẹ̀jíṣẹ́ kọ̀ọ̀kan kò sì burú. Ṣé ilé ẹjọ́ kò ní gbọ́ èyí?

Ẹjọ́ kan wà ní Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí ó dá lórí ọ̀rọ̀ yìí gan-an, bó tilẹ̀ jẹ́ pé lẹ́tà orí ayélujára ni ti ibẹ̀, kì í ṣe SMS. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí ilé-iṣẹ́ adójútòfò kan lé kúrò lẹ́nu iṣẹ́ lo ètò kọ̀ǹpútà kan láti fi nǹkan bíi mílíọ̀nù 5 ímeèlì ránṣẹ́ sí wọn, tí ó sì jẹ́ pé lórúkọ ọ̀gá kan níbẹ̀ ni ọ̀pọ̀ nínú wọn ti ń jáde. Adájọ́ àkọ́kọ́ dá a sílẹ̀ ní 2005. Ìdí tí ó fún un rọrùn láti lóye: ẹni tí ó bá ṣí àpótí ímeèlì ti gbà kí àwọn ènìyàn máa fi ímeèlì ránṣẹ́ sí òun, nítorí náà kò sí ímeèlì kankan nínú mílíọ̀nù 5 náà tí a lè pè ní èyí tí kò ní àṣẹ.

Ilé ẹjọ́ gíga da ìdájọ́ náà nù ní oṣù karùn-ún ọdún 2006. Wọ́n ní lóòótọ́ ni ẹni tí ó ní ilé gbà kí ènìyàn gba ọ̀nà wá kan ilẹ̀kùn òun, ṣùgbọ́n kò gbà kí olè gba ibẹ̀, kò sì gbà kí wọ́n fi pàǹtírí di àpótí lẹ́tà òun pa. Wọ́n tún sọ pé kí a bi ara wa léèrè bóyá ilé-iṣẹ́ náà ìbá gbà bí ọmọ náà bá kọ́kọ́ pè wọ́n pé òun fẹ́ bẹ̀rẹ̀. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà padà gbà pé òun jẹ̀bi, wọ́n sì dá a ní gbèsè ìsémọ́lé oṣù 2 pẹ̀lú ẹ̀rọ ìṣọ́ni lẹ́sẹ̀.

Òfin Nàìjíríà kò so mọ́ ìdájọ́ náà, ṣùgbọ́n àwọn adájọ́ wa máa ń fetí sí irú rẹ̀, ọgbọ́n inú rẹ̀ sì bá abala 8 mu: gbígbà tí ènìyàn gbà láti ní fóònù kì í ṣe gbígbà kí wọ́n fi òjò àtẹ̀jíṣẹ́ pa á. Ní ti àwàdà, òfin kò béèrè bóyá ẹ rẹ́rìn-ín. Ó ń béèrè bóyá ẹ mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é.

Kì í ṣe èmi ni mo ṣe é. Mo kàn sanwó fún ẹni tí ó mọ̀ ọ́n ṣe ni. Ńkọ́ ẹni tí ó ń ta áàpù rẹ̀?

Abala 27 òfin Cybercrimes Act sọ pé ẹni tí ó bá gbìyànjú ẹ̀ṣẹ̀ kan nínú òfin náà, tí ó bá dìtẹ̀ láti ṣe é, tàbí tí ó ran ẹlòmíràn lọ́wọ́, yóò jẹ ìyà kan náà pẹ̀lú ẹni tí ó ṣe é. Abala 28 sì dojú kọ ẹni tí ó ń ṣe irinṣẹ́ náà, tí ó ń tà á tàbí tí ó ń pín in, bí ó bá jẹ́ pé torí kí wọ́n lè fi dẹ́ṣẹ̀ ni wọ́n ṣe ṣe é: ẹ̀wọ̀n tí kò ju ọdún 3 lọ, tàbí ₦7,000,000, tàbí méjèèjì. Ẹni tí ó bá ń gbé ìjápọ̀ SMS bomber kiri inú ẹgbẹ́ WhatsApp kí ó má rò pé ọ̀rọ̀ kò kan òun.

Ohun mìíràn tún wà tí àwọn tí ń lo irinṣẹ́ wọ̀nyí kì í rò. Ẹni tí ó ṣe é lè máa kó gbogbo nọ́ḿbà tí ẹ bá tẹ̀ sínú rẹ̀ pamọ́, kí áàpù náà sì máa ka àtẹ̀jíṣẹ́ inú fóònù tiyín, títí kan kóòdù báǹkì.

Ṣé wọ́n lè mọ̀ pé èmi ni?

Wọ́n sábà máa ń lè mọ̀. Láti oṣù kejìlá ọdún 2020 ni ìjọba ti pàṣẹ pé kí gbogbo SIM so mọ́ NIN, abala 38 òfin ọdún 2015 sì ní kí àwọn ilé-iṣẹ́ ìbánisọ̀rọ̀ pa àkọsílẹ̀ ìrìnnà ìsọfúnni àti ti oníbàárà mọ́ fún ọdún 2. Ìkànnì tí wọ́n fi fọ́ọ̀mù rẹ̀ ṣiṣẹ́ náà ń kọ àdírẹ́sì íńtánẹ́ẹ̀tì ẹni tí ó wá sílẹ̀. Àwọn kan ń fi VPN, irinṣẹ́ tí ń fi àdírẹ́sì náà pamọ́, bojú, ṣùgbọ́n nínú ìjà ẹbí, ìjà owó àti ìjà ìfẹ́, ẹni tí wọ́n rọ̀jò lé lórí máa ń ti fura sí ẹnìkan kí ọlọ́pàá tó dé, ibẹ̀ sì ni ìwádìí máa ń ti bẹ̀rẹ̀.

Ọmọ mi tí kò tíì pé ọdún 18 ni ó ṣe é.

Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọdé ti 2003, tí àwọn ìpínlẹ̀ Yorùbá ti sọ di òfin tiwọn, kò gbà kí wọ́n rán ọmọdé lẹ́wọ̀n. Ilé ẹjọ́ ẹbí ni ọ̀rọ̀ rẹ̀ ń lọ. Ṣùgbọ́n ilé ẹjọ́ lè ní kí òbí san owó ìtanràn tàbí owó gbà-má-bínú. Ẹ gba fóònù náà, ẹ má pa ohunkóhun tí ó wà nínú rẹ̀ rẹ́, kí ẹ sì tètè rí agbẹjọ́rò.

Áàpù ayánilówó ń rọ̀jò àtẹ̀jíṣẹ́ lé èmi àti àwọn ènìyàn inú fóònù mi lórí nítorí gbèsè. Ṣé ẹ̀tọ́ wọn ni?

Ẹ̀tọ́ wọn ni láti béèrè owó wọn. Kì í ṣe ẹ̀tọ́ wọn láti sọ fún ìyá ìyàwó yín, pásítọ̀ yín àti ọ̀gá yín níbi iṣẹ́ pé olè ni yín. Irú èyí ni ọ̀pọ̀ ará ìlú kọ́kọ́ mọ̀ nínú òjò àtẹ̀jíṣẹ́ ní Nàìjíríà: ẹni tí ó yá owó kékeré kan jí lówùúrọ̀ láti rí i pé gbogbo ẹni tí nọ́ḿbà wọn wà nínú fóònù òun ti gba àwòrán òun pẹ̀lú àkọlé gbájúẹ̀.

Òfin mẹ́ta ni ó pàdé lórí wọn. Àkọ́kọ́ ni òfin ìdáàbòbò ìsọfúnni ara ẹni, NDPA, ti ọdún 2023: nọ́ḿbà àwọn ènìyàn yín kì í ṣe ti ayánilówó, àwọn ènìyàn náà kò sì bá a ṣe àdéhùn kankan. Èkejì ni ìlà kejì abala 24 tí a ti mẹ́nu bà, èyí tí ó tún kan ẹni tí ó bá ń halẹ̀ pé òun yóò ba orúkọ ènìyàn jẹ́ láti fi gba owó lọ́wọ́ rẹ̀: ẹ̀wọ̀n ọdún 5, tàbí owó ìtanràn tí kò lè dín ní ₦15,000,000, tàbí méjèèjì. Ẹ̀kẹta ni ìlànà tí FCCPC, àjọ tí ń dáàbò bo oníbàárà, kọ́kọ́ gbé jáde ní ọdún 2022 fún àwọn ayánilówó orí ẹ̀rọ, tí òmíràn sì rọ́pò ní 2025, tí ó ní kí gbogbo wọn forúkọ sílẹ̀ kí wọ́n sì jáwọ́ nínú fífi ojú oníbàárà gbolẹ̀. Google pẹ̀lú ti fòfin dè é láti ìparí oṣù karùn-ún ọdún 2023 pé áàpù ayánilówó kankan kò gbọdọ̀ wọ inú àkójọ nọ́ḿbà tàbí àwòrán oníbàárà mọ́. Áàpù tí ó bá ní kí ẹ gba òun láti ibòmíràn yàtọ̀ sí Play Store ń sá fún òfin yìí ni.

Ẹ fi ẹjọ́ wọn sun FCCPC àti NDPC, àjọ tí ń bójú tó òfin NDPA, kí ẹ so àwòrán àtẹ̀jíṣẹ́ náà mọ́ ọn. Gbèsè náà ṣì wà o. Ẹ̀ṣẹ̀ wọn kò pa á rẹ́.

Ṣọ́ọ̀ṣì wa, ẹgbẹ́ wa tàbí ilé ìtajà wa ń fi àtẹ̀jíṣẹ́ olópò ránṣẹ́. Ṣé a wà nínú ewu?

Bí àwọn tí ẹ ń fi í ránṣẹ́ sí bá fún yín ní nọ́ḿbà wọn fún ìdí náà, tí ẹ sì ń yọ ẹni tí ó bá ní òun kò fẹ́ mọ́ kúrò, kò séwu. NDPA fún ẹnikẹ́ni ní ẹ̀tọ́ láti kọ ìpolówó nígbàkigbà. Ewu wà nínú ríra àkójọ nọ́ḿbà lọ́wọ́ àwọn tí ń tà á, èyí tí àwọn olóṣèlú fẹ́ràn ní àsìkò ìbò.

Ó ń rọ̀ lọ́wọ́ báyìí. Kí ni kí n kọ́kọ́ ṣe?

Ẹ lọ wo owó yín. Kì í ṣe àtẹ̀jíṣẹ́ náà ni kí ẹ kọ́kọ́ dojú kọ. Nínú ọ̀pọ̀ irú ọ̀rọ̀ báyìí, aṣọ ìbòjú ni òjò náà: oníjìbìtì ti rí káàdì tàbí ọ̀rọ̀ aṣínà yín gbà tẹ́lẹ̀, ó sì fẹ́ kí àlẹ́ẹ̀tì báǹkì tí ó ń sọ pé owó ti jáde rì sáàárín àwọn kóòdù tí kò wúlò. Ẹ fi áàpù báǹkì yín wo àkáǹtì, tàbí kí ẹ fi fóònù mìíràn pe báǹkì. Bí owó bá ti jáde, tàbí tí ẹ kàn fura, ẹ ní kí wọ́n ti àkáǹtì náà. Báǹkì sábà máa ń ní kóòdù USSD tí a lè fi ti àkáǹtì láti orí fóònù èyíkéyìí. Ẹ kọ ti báǹkì yín sínú ìwé lónìí, nítorí ọjọ́ tí ẹ máa nílò rẹ̀, fóònù yín kò ní ráyè jẹ́ kí ẹ wá a.

Lẹ́yìn èyí, ẹ máa wo àmì nẹ́tíwọ́ọ̀kì lókè fóònù. Bí òjò àtẹ̀jíṣẹ́ bá dáwọ́ dúró lójijì tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì sì lọ pátápátá nígbà tí ti ará ilé yín ṣì wà, ó ṣeé ṣe kí ẹnìkan ti gba SIM yín sórí káàdì mìíràn. Ọ́fíìsì ilé-iṣẹ́ ìbánisọ̀rọ̀ yín ni kí ẹ gbà lọ lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀ pẹ̀lú NIN.

Ẹnìkan lè pè yín nígbà náà, ohùn rẹ̀ á tutù, á ní òun ń pè láti báǹkì tàbí láti ọ̀dọ̀ nẹ́tíwọ́ọ̀kì, pé àwọn rí i pé àtẹ̀jíṣẹ́ ń dà yín láàmú, pé kí ẹ ka kóòdù tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé kí àwọn lè dá a dúró. Ẹ pa ìpè náà. Irú ọgbọ́n yìí náà ni wọ́n fi wọ ilé-iṣẹ́ Uber ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2022: wọ́n fi ìbéèrè ìwọlé rọ̀jò lé òṣìṣẹ́ kan lórí, lẹ́yìn náà ni ẹnìkan bá a sọ̀rọ̀ lórí WhatsApp pé òun wà ní ẹ̀ka ìmọ̀ ẹ̀rọ, pé kí ó gbà á kí ó lè sinmi. Àárẹ̀ ọkàn ni wọ́n ń dúró dè.

Ìgbà tí gbogbo èyí bá ti yanjú ni kí ẹ wá tọ́jú fóònù. Ẹ fi í sí ipò tí kò fi ní dún àyàfi fún àwọn tí nọ́ḿbà wọn wà lọ́wọ́ yín. Áàpù Messages ti Google ní asẹ́ fún àtẹ̀jíṣẹ́ àìnídìí, iPhone náà sì lè ya àwọn tí ẹ kò mọ̀ sọ́tọ̀. Ẹ má dáhùn, ẹ má tẹ ìjápọ̀ kankan, ẹ má sì kọ STOP sí nọ́ḿbà tí ẹ kò mọ̀. Òjò tí ó ń wá láti inú fọ́ọ̀mù ìforúkọsílẹ̀ kì í sábà pẹ́, nítorí àwọn ìkànnì náà yóò bẹ̀rẹ̀ sí í kọ nọ́ḿbà yín.

Ṣé fífi STOP ránṣẹ́ sí 2442 kò ní dá a dúró?

Kóòdù 2442 tí NCC, àjọ tí ń darí àwọn ilé-iṣẹ́ ìbánisọ̀rọ̀, là sílẹ̀ ń dí àtẹ̀jíṣẹ́ ìpolówó, ó sì dára kí ẹ ṣe é. Ṣùgbọ́n kóòdù ìforúkọsílẹ̀ àti àlẹ́ẹ̀tì báǹkì kì í ṣe ìpolówó. Ọ̀nà mìíràn ni wọ́n ń gbà wọlé, wọn kò sì gbọdọ̀ dí i, torí pé ẹ nílò rẹ̀. Ẹni tí ó bá sọ fún yín pé 2442 ni oògùn rẹ̀ kò tíì rí irú òjò yìí.

Báwo ni mo ṣe ń tọ́jú ẹ̀rí, ta ni mo sì máa gbé e lọ fún?

Ẹ má pa àtẹ̀jíṣẹ́ náà rẹ́. Ẹ ya àwòrán ojú fóònù lọ́nà tí orúkọ ẹni tí ó fi ránṣẹ́, ọjọ́ àti aago yóò fi hàn, kí ẹ kọ ìgbà tí ó bẹ̀rẹ̀ àti ìgbà tí ó dáwọ́ dúró sílẹ̀, kí ẹ sì tọ́jú ìhàlẹ̀ èyíkéyìí tí ó ṣáájú rẹ̀. Abala 84 òfin ẹ̀rí ti 2011 béèrè ìwé ẹ̀rí lórí ohun tí kọ̀ǹpútà bá tẹ̀ jáde, kí ilé ẹjọ́ tó gbà á wọlé. Agbẹjọ́rò yín yóò ṣe èyí, ṣùgbọ́n kò lè ṣe é lórí fóònù tí ẹ ti tà tàbí tí ẹ ti nu inú rẹ̀.

Ilé-iṣẹ́ ìbánisọ̀rọ̀ yín ni kí ẹ kọ́kọ́ fẹjọ́ sùn lórí 300, kí ẹ sì gba nọ́ḿbà ẹ̀sùn náà. Bí wọn kò bá ṣe nǹkan kan, ẹ pe NCC lórí 622. Fún ìwà ọ̀daràn, àwọn ọlọ́pàá ní ẹ̀ka kan fún ti orí ayélujára, NPF-NCCC. Ẹ kọ ẹ̀sùn yín sílẹ̀, kí ẹ sì ní ẹ̀dà tí wọ́n fọwọ́ sí. Ilé Ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀ ni ó ní agbára láti gbọ́ ẹjọ́ tí ó bá wá láti inú òfin 2015.

Èmi ni mo ní ìkànnì tí wọ́n fi ń rọ̀jò kóòdù lé àwọn ènìyàn lórí. Kí ni ojúṣe mi?

Ẹ̀yin pẹ̀lú ni wọ́n ń jà lólè, torí ẹ̀yin ni ẹ ń sanwó àtẹ̀jíṣẹ́ náà. Àwọn oníjìbìtì kan tilẹ̀ ń fi fọ́ọ̀mù bẹ́ẹ̀ pawó ní tààrà: wọ́n ń mú kí ìkànnì fi kóòdù ránṣẹ́ sí nọ́ḿbà ilẹ̀ òkèèrè tí àwọn ní ìpín nínú owó rẹ̀. Láàárín ìgbà tí irú àlùmọ̀kọ́rọ́yí yìí ń jẹ owó rẹ̀ ni Twitter fi òpin sí kóòdù SMS fún àwọn tí kì í sanwó, ní oṣù kẹta ọdún 2023.

Ẹ fi ààlà sí iye kóòdù tí nọ́ḿbà kan lè gbà láàárín wákàtí kan, kí ẹ sì jẹ́ kí àkókò ìdúró gùn sí i lẹ́yìn ìbéèrè kọ̀ọ̀kan. Ẹ fi ìdánwò CAPTCHA, èyí tí ń dán an wò bóyá ènìyàn ni tàbí ẹ̀rọ, ṣáájú bọ́tìnì tí ó ń fi kóòdù ránṣẹ́. Bí ẹ kò bá ní oníbàárà ní òkèèrè, ẹ dí kóòdù orílẹ̀-èdè wọn. Ẹ bá ẹni tí ń ta àtẹ̀jíṣẹ́ fún yín ṣe àdéhùn pé owó kò gbọdọ̀ kọjá iye kan lóòjọ́. Kí ẹ sì máa fi iye kóòdù tí ó jáde wé iye tí àwọn ènìyàn padà tẹ̀ wọlé: nígbà tí èyí tí ó jáde bá pọ̀ rékọjá, nǹkan ti ṣẹlẹ̀.

Lábẹ́ abala 21 òfin Cybercrimes Act, bí àtúnṣe 2024 ṣe sọ ọ́, ẹni tí ó ní ẹ̀rọ kọ̀ǹpútà tí wọ́n kọ lù gbọ́dọ̀ jẹ́ kí ngCERT, ẹ̀ka ìjọba tí ń bójú tó ìkọlù orí kọ̀ǹpútà, mọ̀ láàárín wákàtí 72. Bí ìsọfúnni oníbàárà bá jò jáde, NDPA náà ní kí àjọ NDPC gbọ́ láàárín wákàtí 72 kan náà.

Òkè òkun ni mo wà. Ṣé òfin ibẹ̀ yàtọ̀?

Ní Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, òfin ìbánisọ̀rọ̀ ti 2003, abala 127, mú ẹni tí ó bá ń lo nẹ́tíwọ́ọ̀kì léraléra kí ó lè yọ ènìyàn lẹ́nu. Ẹ̀wọ̀n rẹ̀ kò ju oṣù 6 lọ. Òfin ọdún 1997 lórí ìyọlẹ́nu béèrè kí ìwà náà ti ṣẹlẹ̀ ní ó kéré tán lẹ́ẹ̀mejì, èyí tí kò ṣòro rárá láti fi hàn níbi òjò àtẹ̀jíṣẹ́. Bí ó bá sì di ọ̀rọ̀ dídí ẹ̀rọ lọ́wọ́, òfin Computer Misuse ti 1990 lè gbé ẹ̀wọ̀n ọdún 10 jáde.

Ní Amẹ́ríkà, òfin TCPA ti 1991 gba ẹni tí wọ́n fi ìpè tàbí àtẹ̀jíṣẹ́ olópò dà láàmú láyè láti béèrè $500 lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan, tí ó lè gòkè dé $1,500. Ṣùgbọ́n láti ìgbà tí ilé ẹjọ́ tí ó ga jù ti dín ìtumọ̀ ẹ̀rọ ìpè aládàáṣe kù ní 2021, òfin náà kò fi bẹ́ẹ̀ bá òjò tí ó dojú kọ ẹnìkan ṣoṣo mu mọ́. Òfin ìjọba àpapọ̀ lórí lílépa ènìyàn, tí ẹ̀wọ̀n rẹ̀ lè tó ọdún 5, ni ó sún mọ́ ọn jù. Ní orílẹ̀-èdè méjèèjì, a lè darí àtẹ̀jíṣẹ́ àìnídìí sí 7726. Ní Benin, abala 550 nínú ìwé òfin ìmọ̀ ẹ̀rọ wọn ti 2018 ni ó dá lórí fífi ẹ̀rọ ìbánisọ̀rọ̀ yọ ènìyàn lẹ́nu.

Bí ẹni tí ń rọ̀jò bá wà ní Peckham ní Lọ́ńdọ̀nù tí ẹni tí ó ń jìyà rẹ̀ sì wà ní Ìbàdàn, ẹ fẹjọ́ sùn ní ìlú méjèèjì.

Ṣé kí n kúkú yí nọ́ḿbà mi padà?

Kí ó jẹ́ ohun ìkẹyìn tí ẹ máa ṣe. Nọ́ḿbà yín ni ó so mọ́ BVN, NIN, áàpù báǹkì àti WhatsApp. Ìlà tí kò bá ná owó kankan fún oṣù 6 ni ilé-iṣẹ́ ìbánisọ̀rọ̀ lè ti pa, lẹ́yìn oṣù 6 mìíràn wọ́n sì lè tà á fún ẹlòmíràn. Ẹni náà ni yóò wá máa gba kóòdù báǹkì yín bí ẹ bá gbàgbé láti yọ ọ́ kúrò. Bí kò bá sí ọ̀nà mìíràn mọ́, ẹ kọ́kọ́ lọ yí nọ́ḿbà náà padà ní báǹkì àti lọ́dọ̀ NIMC, àjọ tí ń fúnni ní NIN, ẹ yí ìdánimọ̀ onípele méjì orí ímeèlì àti ìkànnì yín sí áàpù tí ń fúnra rẹ̀ ṣe kóòdù dípò SMS, kí ẹ sì máa ra káàdì ìpè sórí ìlà àtijọ́ náà, kí ẹ máa ná an, lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan títí yóò fi dá yín lójú pé kò sí ohun tí ó so mọ́ ọn mọ́.